Sọ́fítíwíà Àtijọ́ fún Ìṣètò Iṣẹ́ Àkànṣe ní Ọ̀yọ́ àti Ògbómọ̀ṣọ́: Ìgbékalẹ̀ Rẹ̀, Ìtọ́jú Rẹ̀ àti Ipa Olùkọ́ Yorùbá

Àṣamọ̀

Sọ́fítíwíà tí àwọn ilé-iṣẹ́ fi ń ṣètò iṣẹ́ àkànṣe kì í pẹ́ di àtijọ́, ṣùgbọ́n kì í tètè kúrò lẹ́nu iṣẹ́. Pépà yìí ṣàlàyé ìdí tí ó fi rí bẹ́ẹ̀, ewu tí ó rọ̀ mọ́ ọn, àti ọ̀nà tí a lè gbà gbé irú sọ́fítíwíà bẹ́ẹ̀ kalẹ̀ kí a sì tọ́jú rẹ̀. Èrò wa ni pé àkọsílẹ̀ tí ó yé ènìyàn ni òpó tí ó gbé ìtọ́jú sọ́fítíwíà àtijọ́ ró. Nítorí náà, olùkọ́ Yorùbá ní ipa tirẹ̀ láti kó nínú iṣẹ́ yìí. A dábàá àwọn ọ̀rọ̀-ìperí díẹ̀, a sì fi ẹ̀kọ́ kan tí a lè lò nínú kíláàsì kún un.

1.0 Ìfáárà

Bí a bá dárúkọ kọ̀ǹpútà ní ẹ̀ka-ìmọ̀ Yorùbá, ohun tí ó sábà máa ń wá sí ọ̀pọ̀ wa lọ́kàn ni bí a ó ṣe tẹ àmì ohùn sórí fáwẹ́lì àti bí a ó ṣe fi àmì sí abẹ́ lẹ́tà. Ọ̀rọ̀ náà gbòòrò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Kì í ṣe gbogbo akẹ́kọ̀ọ́ tí à ń kọ́ ni yóò lo gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ nínú kíláàsì. Àwọn kan yóò di akọ̀wé ní ilé-iṣẹ́ kọ́lékọ́lé, àwọn kan yóò di alábòójútó ní ilé-ìtẹ̀wé. Àwọn tí ó bá sì di olùkọ́ yóò kọ́ ọmọ àwọn bíríkìlà, káfíńtà àti wẹ́dà tí ètò iṣẹ́ wọn wà nínú kọ̀ǹpútà ọ̀gá wọn.

Ìlú Ọ̀yọ́ àti Ògbómọ̀ṣọ́ ni a fi ṣe òpó ìjíròrò yìí. Ọ̀yọ́ ni Federal School of Surveying wà, níbẹ̀ náà ni Federal College of Education (Special) àti Yunifásítì Ajayi Crowther wà. Ògbómọ̀ṣọ́ ni Yunifásítì Ìmọ̀-Ẹ̀rọ Ládòkè Akíntọ́lá, tí gbogbo ènìyàn ń pè ní LAUTECH, wà láti ọdún 1990. Ibi tí ilé-ẹ̀kọ́ gíga bá wà ni iṣẹ́ ilé kíkọ́, ìwé títẹ̀, bulọ́ọ̀kù mímọ àti àga kíkàn máa ń pọ̀ sí. Kò sí ọ̀kan nínú àwọn iṣẹ́ wọ̀nyí tí kò nílò ètò, kò sì sí ètò tí kò nílò ẹni tí yóò tọ́jú rẹ̀.

Ohun mẹ́ta ni pépà yìí fẹ́ ṣe. Èkíní, yóò ṣàlàyé ohun tí sọ́fítíwíà ìṣètò iṣẹ́ àkànṣe ń ṣe ní èdè tí ó yé tolórí tẹlẹ́mù. Èkejì, yóò tọ́ka sí bí a ṣe ń gbé èyí tí ó ti dàgbà lára wọn kalẹ̀ àti bí a ṣe ń tọ́jú rẹ̀. Ẹ̀kẹta, yóò fi hàn pé bí èdè bá rú ènìyàn lójú nínú iṣẹ́ yìí, òfò gidi ni ó lè yọrí sí.

2.0 Kí ni Iṣẹ́ Àkànṣe? Kí ni Sọ́fítíwíà Ń Ṣe Sí I?

Iṣẹ́ àkànṣe ni iṣẹ́ tí ó ní ìbẹ̀rẹ̀ tirẹ̀, òpin tirẹ̀, owó tirẹ̀ àti èrèdí tirẹ̀. Kí bíríkìlà máa mọ bulọ́ọ̀kù tà lójoojúmọ́ kì í ṣe iṣẹ́ àkànṣe. Kí ó kọ́ kíláàsì mẹ́fà fún ilé-ẹ̀kọ́ kan kí ọdún tuntun tó wọlé, iṣẹ́ àkànṣe ni.

Ètò irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ kò ṣàjèjì sí Yorùbá. Nínú àáró, àwọn ẹgbẹ́ àgbẹ̀ máa ń fohùn ṣọ̀kan lórí oko ẹni tí wọn yóò kọ́kọ́ ro, iye ènìyàn tí yóò wá, àti ọjọ́ tí ó kan olúkúlùkù. Bí ojò bá yẹ ọjọ́ ẹni àkọ́kọ́, ọjọ́ gbogbo ẹni tí ó tẹ̀ lé e ni yóò yẹ̀. Nínú ọ̀wẹ̀, ẹni tí ó bẹ̀ wọ́n ní ọ̀wẹ̀ ni yóò ṣètò oúnjẹ, nítorí náà iye ènìyàn àti iye iṣu gbọ́dọ̀ bára mu. Orí ni wọ́n ń fi í ṣírò. Ṣùgbọ́n bí ẹ̀ka iṣẹ́ bá di ọgọ́rùn-ún, agbára orí kò ká a mọ́.

Ẹ jẹ́ kí á mú àpẹẹrẹ kan nílùú Ọ̀yọ́. Ní oṣù kìíní ọdún 2020, iná jó Ọjà Akẹ̀sán, ìjọba Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ sì tún un kọ́ lẹ́yìn náà. Ẹnikẹ́ni tí yóò bá tún irú ọjà bẹ́ẹ̀ kọ́ yóò kó èérún kúrò, yóò wọn ilẹ̀, yóò gbẹ́ ìpìlẹ̀, yóò mọ ògiri, yóò kan òrùlé, yóò fa wáyà iná, yóò fi ilẹ̀kùn irin sí i, yóò sì pín ìsọ̀ fún àwọn ìyálọ́jà àti bàbálọ́jà. Ká ní, fún àpẹẹrẹ lásán, ìpìlẹ̀ gba ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, ògiri gba ọ̀sẹ̀ márùn-ún, òrùlé sì gba ọ̀sẹ̀ méjì. Ọ̀sẹ̀ mẹ́wàá ni yóò tó kí ilẹ̀kùn tó ṣeé fi sí i. Bí wẹ́dà bá ń jó ilẹ̀kùn ní ìsọ̀ tirẹ̀ láti ọjọ́ kìíní, tí iṣẹ́ rẹ̀ sì gba ọ̀sẹ̀ mẹ́rin, ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ṣẹ́ kù tí ó lè fi sinmi láìpa ẹnikẹ́ni lára. Ṣùgbọ́n bí ìpìlẹ̀ bá fi ọ̀sẹ̀ kan ṣoṣo pẹ́, gbogbo iṣẹ́ ti di ọ̀sẹ̀ mọ́kànlá nìyẹn.

Ìṣirò yìí gan-an ni sọ́fítíwíà ń ṣe. Ó ń ṣàfihàn ẹ̀ka iṣẹ́ tí kò gbọdọ̀ pẹ́ àti èyí tí àyè ṣì wà fún. Ọgbọ́n inú rẹ̀ ti wà ṣáájú kọ̀ǹpútà orí tábìlì. Karol Adamiecki ti ilẹ̀ Poland ti ya àtẹ irú rẹ̀ ní ọdún 1896, Henry Gantt sì mú tirẹ̀ gbajúmọ̀ ní Amẹ́ríkà ní ẹ̀wádún kejì ọ̀rúndún ogún. Ní ọdún 1957, ilé-iṣẹ́ DuPont àti Remington Rand gbé ọ̀nà ìṣirò ẹ̀ka iṣẹ́ tí kò gbọdọ̀ pẹ́ jáde. Ní ọdún 1958, àwọn ọmọ ogun ojú omi Amẹ́ríkà gbé irú rẹ̀ mìíràn jáde fún iṣẹ́ àdó Polaris. Ilé-iṣẹ́ Primavera bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1983. Microsoft Project jáde ní ọdún 1984, èyí tí ó ń ṣiṣẹ́ lórí Windows sì tẹ̀ lé e ní ọdún 1990.

3.0 Ìdí tí Sọ́fítíwíà Àtijọ́ fi Ń Wà Lẹ́nu Iṣẹ́

Ẹni tí kò bá mọ̀dí ọ̀rọ̀ lè rò pé ọ̀lẹ ni ọ̀gá tí ó ṣì ń lo Microsoft Project 2003 tàbí 2007. Bẹ́ẹ̀, bí ọmọdé bá ní aṣọ tó àgbà, kò lè ní àkísà tó àgbà. Ìdí mẹ́rin ni a rí.

(i) Owó: Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni wọ́n ń san owó àwọn sọ́fítíwíà àtijọ́. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn tuntun ni wọ́n ń san owó wọn lóṣooṣù tàbí lọ́dọọdún, dọ́là ni wọ́n sì fi ń ṣírò rẹ̀. Láti oṣù kẹfà ọdún 2023 tí Báńkì Àpapọ̀ Nàìjíríà ti jẹ́ kí ọjà máa sọ iye tí a ó fi náírà ṣẹ́ owó ilẹ̀ òkèèrè, ẹrù náà ti wúwo sí i fún oníṣòwò kékeré.

(ii) Gígùn iṣẹ́: Iṣẹ́ àkànṣe lè pẹ́ ju sọ́fítíwíà lọ. Iṣẹ́ sísọ ọ̀nà Ọ̀yọ́ sí Ògbómọ̀ṣọ́ di oníbejì, tí gígùn rẹ̀ jẹ́ nǹkan bí kìlómítà 52, ni ìjọba àpapọ̀ gbé síta ní ọdún 2010. Ọdún mẹ́wàá kọjá, iṣẹ́ náà kò parí. Ẹ wá wò ó: Microsoft Project 2010 tí ó jáde ní ọdún kan náà ti pàdánù ìtìlẹ́yìn ilé-iṣẹ́ tí ó ṣe é ní ọjọ́ 13, oṣù kẹwàá, ọdún 2020. A kò sọ pé sọ́fítíwíà yìí ni wọ́n fi ṣètò ọ̀nà náà. Ohun tí à ń sọ ni pé ẹni tí ó bá bẹ̀rẹ̀ irú iṣẹ́ gígùn bẹ́ẹ̀ pẹ̀lú sọ́fítíwíà tuntun lè parí rẹ̀ pẹ̀lú àtijọ́.

(iii) Àkọsílẹ̀ tí ó ti wà nílẹ̀: Iye ọjọ́ tí òrùlé ilé-ẹ̀kọ́ kan gbà ní ọdún mẹ́jọ sẹ́yìn ni ọ̀gá fi ń mọ iye tí yóò bù fún oníbàárà lónìí. Inú fáìlì àtijọ́ ni ìmọ̀ yẹn wà.

(iv) Iná àti íntánẹ́ẹ̀tì: Sọ́fítíwíà àtijọ́ ń ṣiṣẹ́ lórí kọ̀ǹpútà tí kò lágbára púpọ̀, kò sì béèrè íntánẹ́ẹ̀tì lójoojúmọ́. Níbi tí iná ti ń lọ tí ó ń bọ̀, àǹfààní ńlá ni.

Kí á tún rántí pé yíyá sọ́fítíwíà lò lórí íntánẹ́ẹ̀tì kò mú ọjọ́ ogbó kúrò. Microsoft ti kéde pé ọjọ́ 30, oṣù kẹsàn-án, ọdún 2026 ni òpin Project Online. Àtijọ́ tí a rà lè máa ṣiṣẹ́ lọ lẹ́yìn tí ìtìlẹ́yìn rẹ̀ bá parí. Èyí tí a yá, ọjọ́ tí onílé bá ti ilẹ̀kùn ni ó parí.

4.0 Ewu tí ó Rọ̀ Mọ́ Ọn

Ìdí tí a sọ lókè yìí kò sọ ewu di ìròyìn asán. Microsoft dẹ́kun àtúnṣe ààbò fún Project 2003 àti Windows XP ní ọjọ́ kan náà, ìyẹn ọjọ́ 8, oṣù kẹrin, ọdún 2014. Ó dẹ́kun ti Project 2007 ní oṣù kẹwàá ọdún 2017, ti Windows 7 ní oṣù kìíní ọdún 2020, àti ti Windows 10 ní oṣù kẹwàá ọdún 2025. Lẹ́yìn irú ọjọ́ bẹ́ẹ̀, ihò tí àwọn ọ̀bàyéjẹ́ bá rí lára rẹ̀ kì í sábà rí ẹni dí i. Ní oṣù karùn-ún ọdún 2017, kòkòrò kọ̀ǹpútà tí a mọ̀ sí WannaCry ti fáìlì àwọn ènìyàn pa káàkiri àgbáyé, títí kan ọ̀pọ̀ ilé-ìwòsàn ìjọba ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Àwọn ẹ̀rọ tí a kò ṣe àtúnṣe ààbò fún ni ó rí wọlé sí.

Ewu kejì ni ikú ẹ̀rọ. Sọ́fítíwíà kì í gbó bí bàtà, ṣùgbọ́n díìsìkì tí ó wà lórí rẹ̀ ń gbó. Bí kọ̀ǹpútà bá kú, tí CD tí a fi gbé sọ́fítíwíà sórí rẹ̀ ti sọnù, tí kọ́kọ́rọ́ ìlò rẹ̀ kò sì sí nínú ìwé kankan, owó tí a fi rà á ti wọmi.

Ewu kẹta ni ti ẹ̀dà jíjí. Òfin Nàìjíríà ti ọdún 2022 lórí ẹ̀tọ́ oníṣẹ́-ọpọlọ ka sọ́fítíwíà mọ́ iṣẹ́ lítíréṣọ̀ tí a dáàbò bò. Yàtọ̀ sí ti òfin, ẹni tí ó gba sọ́fítíwíà lọ́wọ́ olè kò mọ ohun mìíràn tí olè náà dì mọ́ ọn.

Ewu kẹrin ni ó burú jù, òun náà ni a kì í sábà kà sí ewu. Òun ni pé kí ẹnì kan ṣoṣo mọ gbogbo rẹ̀. Akọ̀wé kan ni ó mọ ibi tí fáìlì wà, òun ni ó mọ ọ̀rọ̀ aṣínà, òun ni ó mọ ìdí tí a kò fi gbọdọ̀ tẹ bọ́tìnì kan. Bí ó bá rí iṣẹ́ sí Èkó, tàbí tí àìsàn dá a dúró, ilé-iṣẹ́ di odi. Àwọn àgbà ti sọ pé ẹnì kan kì í jẹ́ àwá dé.

5.0 Bí a Ṣe Ń Gbé e Kalẹ̀

Ìgbékalẹ̀ sọ́fítíwíà àtijọ́ yàtọ̀ sí ti tuntun nítorí pé kò sí ẹni tí a lè ké sí bí nǹkan bá yiwọ́. Ìgbésẹ̀ wọ̀nyí ni ó tọ́ kí á tẹ̀ lé:

(a) Kí á kọ́kọ́ kọ ohun tí a ní sílẹ̀: orúkọ sọ́fítíwíà, ìran rẹ̀, kọ́kọ́rọ́ ìlò, ìran Windows tí ó ń gbé e, àti ibi tí CD rẹ̀ wà. Kí á ṣe ẹ̀dà CD náà kí ó tó di pé ó họ.

(b) Kí á ya kọ̀ǹpútà kan sọ́tọ̀ fún un, kí á má sì so ó mọ́ íntánẹ́ẹ̀tì. Bí a kò bá ní ẹ̀rọ tí ó tó, a lè lo kọ̀ǹpútà inú kọ̀ǹpútà, ìyẹn ni pé kí ẹ̀rọ tuntun ya àyè kan sọ́tọ̀ nínú ara rẹ̀ tí yóò máa ṣe bí ẹ̀rọ àtijọ́. Ọ̀nà yìí ń gba àwọn sọ́fítíwíà tí ó ti dàgbà gan-an là, nítorí pé Windows oní-bíìtì 64 kì í gbé sọ́fítíwíà oní-bíìtì 16.

(d) Kí á mọ ìran tí ó lè ka fáìlì ìran mìíràn. Project 2003 kò lè ṣí fáìlì tí a fi Project 2010 pa mọ́ ní ìlànà tirẹ̀. Project 2010 lè pa fáìlì mọ́ ní ìlànà 2003. Project 2013 kò lè ṣe é mọ́. Ilé-iṣẹ́ tí ẹ̀ka rẹ̀ ní Ọ̀yọ́ ń lo 2003, tí ti Ògbómọ̀ṣọ́ sì ń lo 2013, gbọ́dọ̀ fẹnu kò lórí ìlànà kan kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í fi fáìlì ránṣẹ́ sí ara wọn.

(e) Kí á dán an wò. Kí á ṣí fáìlì iṣẹ́ kan tí ó ti parí, kí á wo ọjọ́ ìparí tí sọ́fítíwíà ṣírò, kí á sì fi wé ti orí ìwé tí a ti tẹ̀ síta tẹ́lẹ̀. Bí ọjọ́ méjèèjì kò bá dọ́gba, ó ṣeé ṣe kí á ti gbàgbé láti fi ọjọ́ ìsinmi tàbí iye wákàtí iṣẹ́ sí i bí ó ti wà tẹ́lẹ̀.

(ẹ) Kí á sọ ẹni tí ó lè yí ètò padà àti ẹni tí ó lè wò ó nìkan.

6.0 Ìtọ́jú

6.1 Ẹ̀dà ìpamọ́

Ojú ni alákàn fi ń ṣọ́ orí. Ẹ̀dà mẹ́ta ni ó yẹ kí fáìlì kọ̀ọ̀kan ní: ọ̀kan lórí ẹ̀rọ tí à ń lò, ọ̀kan lórí ohun ìpamọ́ mìíràn bíi díìsìkì àgbélọ́wọ́, ọ̀kan ní ilé mìíràn pátápátá. Ọ̀bẹ kì í gbẹ́ èkù ara rẹ̀. Ẹ̀dà tí ó wà lórí ẹ̀rọ kan náà pẹ̀lú ojúlówó yóò bá a kú. Iná tí ó bá jó ìsọ̀ kì í yọ ìwé àkọsílẹ̀ inú rẹ̀ sílẹ̀. Ilé-iṣẹ́ tí ó ní ẹ̀ka ní ìlú méjèèjì lè fi ẹ̀dà Ọ̀yọ́ pamọ́ sí Ògbómọ̀ṣọ́, kí ó sì fi ti Ògbómọ̀ṣọ́ pamọ́ sí Ọ̀yọ́.

Ẹ̀dà tí a kò tíì dá padà wò rí, ìrètí lásán ni. Ó kéré tán, lẹ́ẹ̀kan láàárín oṣù mẹ́ta, kí á mú ẹ̀dà ìpamọ́ kan, kí á ṣí i lórí ẹ̀rọ mìíràn, kí á sì rí i pé ó ń ṣí.

6.2 Ohun tí ó ń pààrọ̀ àti ohun tí kì í pààrọ̀

Àwọn onílù Ọ̀yọ́ mọ ohun kan tí ó yẹ kí onísọ́fítíwíà kọ́. Bí awọ dùndún bá ya, wọn a pààrọ̀ awọ. Bí ọṣán rẹ̀ bá já, wọn a tún un ta. Igi rẹ̀ ni wọ́n ń dá sí, nítorí pé òun ni ó le jù láti rí. Nínú ọ̀rọ̀ tiwa, ẹ̀rọ ni awọ, sọ́fítíwíà ni ọṣán, àkọsílẹ̀ iṣẹ́ ni igi. Àṣìṣe tí ó wọ́pọ̀ ni kí á máa tọ́jú ẹ̀rọ bí ẹyin kí á sì jẹ́ kí àkọsílẹ̀ ṣòfò.

Ọ̀nà tí a fi ń dá igi náà sí ni kí á pa ètò kọ̀ọ̀kan mọ́ ní ìlànà tí sọ́fítíwíà mìíràn lè kà. Láti ìran 2002 ni Microsoft Project ti lè pa fáìlì mọ́ ní ìlànà XML. Kí á tún tẹ àtẹ àkókò rẹ̀ sórí ìwé nígbà tí iṣẹ́ bá bẹ̀rẹ̀ àti nígbà tí ó bá parí. Ọ̀nà kan kò wọ ọjà. Bí ọjọ́ àtikúrò bá dé, àwọn sọ́fítíwíà ọ̀fẹ́ bíi GanttProject, tí ó ti wà láti ọdún 2003, àti ProjectLibre, tí ó jáde ní ọdún 2012, wà nílẹ̀ tí a lè dán wò. Iṣẹ́ tí ó ti parí ni kí á kọ́kọ́ kó lọ síbẹ̀, kí á má fi iṣẹ́ tí ó ń lọ lọ́wọ́ dán an wò.

6.3 Iná, eruku àti fáìlì Yorùbá

Iná tí ó bá lọ lójijì nígbà tí sọ́fítíwíà ń kọ nǹkan sórí díìsìkì lè ba fáìlì jẹ́. Kí ẹ̀rọ náà ní UPS tí yóò gbé e fún ìṣẹ́jú tí a nílò láti pa á bí ó ti yẹ, yálà iná IBEDC ni à ń lò tàbí jẹnẹrétọ̀. Bí ọyẹ́ bá parí, kí á gbọn eruku inú rẹ̀.

Àwa ní ẹ̀ka-ìmọ̀ Yorùbá náà kò gbọdọ̀ rò pé ọ̀rọ̀ yìí kò kàn wá. Ní àwọn ọdún 1990 àti ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2000, ọ̀pọ̀ iṣẹ́ Yorùbá ni a fi lẹ́tà àkànṣe tẹ̀, kí ìlànà Unicode tó gbilẹ̀. Bí a bá ṣí irú fáìlì bẹ́ẹ̀ lórí ẹ̀rọ tí kò ní lẹ́tà náà, àmì ohùn yóò di ìdàrúdàpọ̀. Iṣẹ́ àpilẹ̀kọ àti pépà tí ó wà ní ipò yìí nílò ìtọ́jú kan náà tí a là sílẹ̀ lókè: kí á wá ẹ̀rọ tí ó ṣì ní lẹ́tà náà, kí á yí fáìlì padà sí Unicode, kí á sì tẹ ẹ̀dà kan sórí ìwé.

7.0 Ọ̀rọ̀-Ìperí: Níbi tí Èdè ti Ń Di Ọ̀ràn Òfò

Iṣẹ́ ọ̀rọ̀-ìperí kò ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ láàárín wa. Apá kìíní Èdè-Ìperí Yorùbá, tí Ayọ̀ Bámgbóṣé ṣe olóòtú rẹ̀, jáde ní ọdún 1984. Apá kejì, tí Ọládélé Awóbùlúyì ṣe olóòtú rẹ̀, jáde ní ọdún 1990. Ìmọ̀ èdè, lítíréṣọ̀ àti ọ̀nà ìkọ́ni ni àwọn ìwé náà gbájú mọ́. Ìlànà wọn ni a tẹ̀ lé níhìn-ín: kí á fẹ ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ tí ó ti wà lójú, kí á so ọ̀rọ̀ pọ̀, kí á sì yá ọ̀rọ̀ nígbà tí ó bá di dandan.

Ẹ jẹ́ kí á yẹ ọ̀rọ̀ kan wò. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ń lo "ẹ̀dà" fún ohun méjì: fún àwòkọ fáìlì, àti fún sọ́fítíwíà tí ó jáde ní ọdún kan pàtó. Ká ní ọ̀gá wá kọ̀wé sílẹ̀ fún akọ̀wé pé, "Pa ẹ̀dà àtijọ́ rẹ́." Ṣé fáìlì ọdún tí ó kọjá ni kí ó pa rẹ́ ni, tàbí Project 2003 tí ó wà lórí ẹ̀rọ? Bí akọ̀wé bá gbọ́ èkíní nígbà tí ọ̀gá ń wí èkejì, àkọsílẹ̀ ọdún púpọ̀ ti lọ nìyẹn. Nítorí náà ni a ṣe dábàá pé kí "ẹ̀dà" dúró fún àwòkọ nìkan, kí "ìran" sì dúró fún èkejì, gẹ́gẹ́ bí a ti ṣe nínú pépà yìí. Àwọn ìperí yòókù nìyí:

Ẹ̀ka iṣẹ́: ọ̀kọ̀ọ̀kan àwọn iṣẹ́ tí ó parapọ̀ di iṣẹ́ àkànṣe.
Ìgbáralé: àjọṣe tí ó wà láàárín ẹ̀ka iṣẹ́ méjì tí ọ̀kan kò lè bẹ̀rẹ̀ àfi bí èkejì bá parí.
Ibùsọ̀: ibi pàtàkì tí a bá dé nínú iṣẹ́ tí a fi ń mọ bí a ti rìn tó.
Àyè ìfàgùn: iye ọjọ́ tí ẹ̀ka iṣẹ́ kan lè fi pẹ́ láìsún ọjọ́ ìparí síwájú.
Ọ̀nà àìgbọdọ̀pẹ́: àwọn ẹ̀ka iṣẹ́ tí ó tẹ̀ léra tí kò ní àyè ìfàgùn rárá.
Àtẹ àkókò: àwòrán tí ó fi ìbẹ̀rẹ̀ àti ìparí ẹ̀ka iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan hàn lórí ìlà.
Ẹ̀dà ìpamọ́: àwòkọ fáìlì tí a fi sí ibòmíràn nítorí ọjọ́ ìṣòro.
Ìdápadà: mímú fáìlì láti inú ẹ̀dà ìpamọ́ padà sẹ́nu iṣẹ́.
Kọ́kọ́rọ́ ìlò: lẹ́tà àti nọ́ńbà tí ó fi hàn pé a ra sọ́fítíwíà.

"Ibùsọ̀" yẹ ní àfiyèsí. Ọ̀rọ̀ ìrìnàjò ni tẹ́lẹ̀, ìtumọ̀ rẹ̀ ni a fẹ̀ lójú. Fọ́mánù tí kò ka ìwé púpọ̀ yóò gbọ́ ọ ní ẹ̀ẹ̀kan náà.

8.0 Ìlò Rẹ̀ Nínú Kíláàsì

Ẹ̀kọ́ yìí bá iṣẹ́ àkàyé àti àròkọ aṣàlàyé mu. Èrèdí rẹ̀ ni pé kí akẹ́kọ̀ọ́ lè kọ ìwé ìtọ́nà tí ẹni tí kò bá a pàdé rí lè tẹ̀ lé. Kí olùkọ́ kọ ìtọ́nà méjì sójú pátákó.

Ìtọ́nà kìíní: "Kí akọ̀wé rí i dájú pé fáìlì wà ní ìpamọ́ bí ó ti tọ́ àti bí ó ti yẹ ní gbogbo ìgbà."

Ìtọ́nà kejì: "1. Ní agogo mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Ẹtì, ti Microsoft Project pa. 2. So díìsìkì aláwọ̀ pupa mọ́ kọ̀ǹpútà. 3. Ṣe àwòkọ àpò tí a pè ní 'Iṣẹ́ tí ó ń lọ' sórí díìsìkì náà. 4. Ṣí fáìlì kan lórí díìsìkì náà láti rí i pé ó ń ṣí. 5. Kọ ọjọ́ àti orúkọ rẹ sínú ìwé aláwọ̀ ewé. 6. Gbé díìsìkì náà fún ọ̀gá kí o tó lọ sílé."

Kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ sọ èyí tí wọ́n lè tẹ̀ lé àti ìdí rẹ̀. Wọn yóò rí i pé ọ̀rọ̀ inú ti àkọ́kọ́ dùn ún gbọ́, ṣùgbọ́n kò sọ ìgbà, kò sọ ibi, kò sọ ẹni tí yóò jẹ́rìí. Lẹ́yìn náà, kí wọ́n ṣe àwọn iṣẹ́ wọ̀nyí:

1. Kọ ìtọ́nà ìgbésẹ̀ márùn-ún lórí bí a ṣe ń dá fáìlì padà láti inú ẹ̀dà ìpamọ́.
2. Fún ọ̀rẹ́ rẹ ní ìtọ́nà náà kí ó kà á sókè. Sàmì sí ibi tí ó bá ti dúró béèrè ìbéèrè, kí o sì tún ibẹ̀ kọ.
3. To ẹ̀ka iṣẹ́ ìnáwó ìsọmọlórúkọ kan, kí o sì sọ ọ̀nà àìgbọdọ̀pẹ́ inú rẹ̀.
4. Dábàá ọ̀rọ̀-ìperí kan tí kò sí nínú àkọsílẹ̀ òkè yìí, kí o sì gbè é lẹ́sẹ̀.

Iṣẹ́ kejì ni ó ṣe pàtàkì jù. Ìwé ìtọ́nà tí òǹkọ̀wé rẹ̀ gbọ́dọ̀ dúró tì kí ó tó yéni, kò tíì di ìwé ìtọ́nà.

9.0 Àgbálọgbábọ̀

A ti gbìyànjú láti fi hàn pé kò sí ohun ìtìjú nínú lílo sọ́fítíwíà àtijọ́ fún ìṣètò iṣẹ́ àkànṣe, bí a bá mọ ewu rẹ̀ tí a sì dí ihò rẹ̀: kí á yà á kúrò lórí íntánẹ́ẹ̀tì, kí á ní ẹ̀dà mẹ́ta, kí á pa àkọsílẹ̀ mọ́ ní ìlànà tí sọ́fítíwíà mìíràn lè kà, kí á sì mọ ọ̀nà tí a ó gbà kúrò kí ọjọ́ náà tó dé. Ohun tí ó so gbogbo rẹ̀ pọ̀ ni àkọsílẹ̀ tí ẹni tí ó ń bọ̀ lẹ́yìn lè kà kí ó sì yé e.

Ibẹ̀ ni a ti dábàá pé kí ẹ̀ka-ìmọ̀ Yorùbá ní àwọn kọ́lẹ́jì ẹ̀kọ́ fi ìwé ìtọ́nà kíkọ kún ẹ̀kọ́ àròkọ, kí wọ́n sì jọ jókòó pẹ̀lú àwọn olùkọ́ ìmọ̀ kọ̀ǹpútà láti fẹnu kò lórí ọ̀rọ̀-ìperí. Bí akẹ́kọ̀ọ́ wa bá lè kọ ìgbésẹ̀ mẹ́fà ní Yorùbá tí ó gún régé, tí akọ̀wé tuntun ní Ògbómọ̀ṣọ́ sì lè tẹ̀ lé e láìpe ẹnikẹ́ni lórí fóònù, ilé-iṣẹ́ kan wà tí àkọsílẹ̀ rẹ̀ kò ní bá ẹ̀rọ kú.